Fíìmù Àwọn Ọmọ Ẹlẹ́wọ̀n

Àárọ̀ ọjọ́ Jímọ̀ kan ni àwọn ọlọ́pàá mú àbúrò mi ọkùnrin ní àdúgbò Núsílà, ní Jídà, níbi tó ti ń fọ ọkọ̀. Ọmọ ọdún mẹ́rìndínlógún ni. Obìnrin tí a jọ ń gbé yàrá ló rí i. Ó ní wọ́n da omi korobá rẹ̀ sí i lẹ́sẹ̀, wọ́n rẹ́rìn-ín, wọ́n sì tì í sínú mọ́tò láìjẹ́ kó wọ bàtà.

Èmi àti àbúrò mi kò ní ìkáámà, ìyẹn ìwé tó ń fún àlejò láṣẹ láti gbé ilẹ̀ Saudi. Hájì la bá wá. Nígbà tí àwọn tí a jọ wá padà sílé, àwa dúró. Utaibíyà ní Mẹ́kà la kọ́kọ́ gbé, kí iṣẹ́ tó gbé wa dé Jídà. Owó epo ń ṣàn nígbà náà. Wọ́n ń kọ́lé sí gbogbo ibi tí iyanrìn wà, ẹnikẹ́ni kì í sì í bi ẹni tó ń ru bíríkì léèrè ìwé, àfi lọ́jọ́ tó bá wù wọ́n láti bi í.

Mo fi ìbòjú bojú, mo lọ sí àgọ́ ọlọ́pàá. Ọlọ́pàá kan wà níbẹ̀ tí àbúrò mi máa ń fọ ọkọ̀ fún. Kò wò mí lójú. Ó ní kí n wá ẹni tó ní ìkáámà, kó wá sọ pé ilé òun ni ọmọ náà ń gbé, kó tó di àsìkò mọ̀gáríbì, ìrun tí wọ́n ń kí bí oòrùn bá wọ̀. Ìgbà yẹn ni bọ́ọ̀sì máa wá kó wọn lọ sí tarihíìlì, ilé tí wọ́n ń ti àwọn tí kò níwèé mọ́ títí ọkọ̀ òfurufú yóò fi gbé wọn lọ. Àgbà àti ọmọdé ni wọ́n ń dà pọ̀ níbẹ̀. Gbogbo wa ni a ti gbọ́ ohun tí ojú àwọn ọmọdé ń rí níbẹ̀.

Ẹnì kan ṣoṣo tó ní ìkáámà ni mo lè tọ̀ lọ: ọ̀gá mi, ẹnjiníà ọmọ Nàìjíríà tí mò ń se oúnjẹ nílé rẹ̀. Ó ti sọ fún mi rí pé bí ọ̀rọ̀ ìwé bá dé, kí n wá bá òun.

Ọjọ́ Jímọ̀ ni wọ́n máa ń gba àlejò. Nígbà tí mo débẹ̀, dókítà kan àti ìyàwó rẹ̀ ti jókòó, pẹ̀lú ọkùnrin méjì mìíràn. Dókítà náà ṣẹ̀ṣẹ̀ ti ìsinmi Lọ́ńdọ̀nù dé, ó sì mú kásẹ́ẹ̀tì fídíò kan bọ̀. Orí tẹlifíṣàn òyìnbó ni wọ́n ti gbà á sílẹ̀: fíìmù nípa àwọn ọmọkùnrin tí ìjọba tì mọ́lé nítorí olè àti ìjà.

Àwọn ọkùnrin wà ní pálọ̀. Àwa obìnrin wà ní yàrá kejì, à ń wo tẹlifíṣàn láti ẹ̀yìn kọ́tìnì. Obìnrin kì í kọjá kọ́tìnì yẹn bí àlejò ọkùnrin bá wà. Wọn kì í ṣe bẹ́ẹ̀ ní Nàìjíríà. Jídà ni wọ́n ti kọ́ ọ, wọ́n sì dì í mú ju àwọn onílẹ̀ lọ.

Mo kúnlẹ̀, mo ro ẹjọ́ mi fún ìyàwó ọ̀gá mi.

Ó ní, "Wọ́n mú un? Ṣé ó dárúkọ wa?"

"Rárá o, Àlàájà. Ẹ ti kìlọ̀ fún un."

"Alihamudulilai. Ṣé móínmóín yẹn ti jinná?"

"Àlàájà, ẹ jọ̀ọ́, kó tó di mọ̀gáríbì ni."

"Mo gbọ́. Ṣé kí n wá wọ àárín ọkùnrin lọ ni?"

Ó rán ọmọbìnrin rẹ̀ kékeré, tí wọ́n bí sí Jídà, sí bàbá rẹ̀. Ọmọ náà lọ, ó bọ̀. Lárúbáwá ló fi dáhùn, bó ti máa ń ṣe: "Baadéènì." Ó di tó bá yá nìyẹn.

Mo yọ móínmóín kúrò nínú agolo mílíìkì, mo gbé e fún wọn. Mo gbọ́ Gẹ̀ẹ́sì tí wọ́n kọ́ wa ní sẹ́kọ́ńdìrì, ṣùgbọ́n Gẹ̀ẹ́sì àwọn ọmọ inú fíìmù náà kò jọ ọ́. Kò pọn dandan kí n gbọ́ ọ. Wọ́n mú ọmọ tuntun kan wọlé. Àwọn tó bá níbẹ̀ da oúnjẹ rẹ̀ sílẹ̀, wọ́n tẹ̀ ẹ́ mọ́lẹ̀, wọ́n ní kó jẹ ẹ́.

Ní pálọ̀, dókítà pariwo: "Ẹ wo bẹ́ẹ̀dì! Ẹ wo ṣíìtì funfun! Ẹ̀wọ̀n rèé? Bọ́dìnháùsì tí mo gbé kò dára tó yìí."

Ẹnì kan ní, "Dókítà, ṣé ká bá yín bẹ adájọ́ kó fi yín síbẹ̀ ni?"

Wọ́n rín ẹ̀rín títí.

Ìyàwó dókítà yíjú sí mi. "Àlàájà kékeré, jókòó, kí o kẹ́kọ̀ọ́. Ọmọ tí kò lẹ́ni tó ń mójú tó o, ibi tó ń gbẹ̀yìn sí nìyẹn."

Ìyàwó ọ̀gá mi ní, "Ẹ fi í sílẹ̀. Bó bá sunkún sínú móínmóín tó kù, iyọ̀ á pọ̀ jù."

Èmi náà bá wọn rẹ́rìn-ín. Ojú rere wọn ni mò ń wá.

Nígbà tí wọ́n pe ìrun alásárì, mo dúró sí ọ̀dẹ̀dẹ̀ níbi tí ọ̀gá mi ti ń ṣe àlùwàlá. "Àlàájì, ẹ jọ̀ọ́, ẹ ṣàánú mi."

Ó ń gbọn omi kúrò lápá. "Mo ti gbọ́. Ṣé o fẹ́ kí n lé àlejò síta ni? Kò ní pẹ́ parí."

Wọ́n kírun tán, wọ́n padà sídìí fíìmù. Nígbà tó parí, wọ́n tún ń jiyàn bóyá ó yẹ kí wọ́n fìyà jẹ àwọn wọ́dà. Oòrùn ti pọ́n lójú fèrèsé kí ọ̀gá mi tó mú kọ́kọ́rọ́ ọkọ̀.

Mo jókòó sẹ́yìn. Ó ní, "Fíìmù yẹn dára o. Àwọn òyìnbó kì í fi àléébù ara wọn pa mọ́." A kò tíì dé àgọ́ nígbà tí wọ́n pe mọ̀gáríbì. Bọ́ọ̀sì ti lọ. Ọlọ́pàá yẹn ní àwọn bi ọmọ náà bóyá ó lẹ́nì kankan ní Jídà, ó ní òun kò lẹ́nì kankan. Ọ̀gá mi ní àmúwá Ọlọ́run ni. Ó já mi sílẹ̀ ní títì, ó ní òun kò fẹ́ wọ Núsílà.

Lọ́jọ́ kejì, mo gbé búrẹ́dì àti ẹyin lọ sí tarihíìlì. Àwọn obìnrin láti oríṣiríṣi ilẹ̀ dúró lẹ́bàá ògiri, oníkálukú ń pe èèyàn rẹ̀. Èmi náà pè: "Ọmọ ìyá mi! Ọmọ ìyá mi, èmi nìyí!"

Láti inú, ẹnì kan fi ohùn tín-ín-rín sín mi jẹ: "Ọmọ ìyá mi!" Àwọn ọmọkùnrin mìíràn gbè é, wọ́n ń pè é bí àwọn tí kò gbọ́ èdè náà ti ń pè é, wọ́n ń rẹ́rìn-ín. Lẹ́yìn náà, ẹnì kan láàárín wọn pè é geere. Mo mọ ohùn náà. Ó rẹ́rìn-ín, ẹ̀rín rẹ̀ sì ga ju tàwọn yòókù lọ.

Bí mo bá tún pè, wọ́n á mọ èyí tí mò ń pè nínú wọn. Mo dákẹ́.

Obìnrin ará Sòmálíà tó dúró tì mí fi Lárúbáwá bi mí pé ṣé èèyàn mi kò sí níbẹ̀ ni.

Mo ní kò sí.