Aláwọ̀ Ewé Ni Mo Tẹ̀

Ọmọ ọmọ mi obìnrin ló ń bá mi kọ ọ̀rọ̀ yìí, èmi ò mọ̀wé. Òun náà ló kọ́ mi ní fóònù, àwọ̀ ló sì fi kọ́ mi: tí wọ́n bá pè mí, kí n tẹ aláwọ̀ ewé, tí mo bá fẹ́ pa á, kí n tẹ pupa. Ohun kan ṣoṣo ló jẹ mí lógún nínú fóònù yẹn, ohùn ẹ̀gbọ́n mi obìnrin. Oǹdó ló gbé títí ó fi kú. Àràárọ̀ ló máa ń fi oríkì mi kí mi. Lọ́jọ́ kan tí mi ò gbé ìpè rẹ̀, ó sọ ọ́ sínú fóònù, ó fi ránṣẹ́ sí mi; òun ni mo ń gbọ́ láti ìgbà tó ti kú. Kò sí ẹlòmíràn tó ń fi oríkì pè mí.

Ẹsẹ̀ ò jẹ́ kí n máa jáde mọ́. Inú ilé ní Ọ̀bà-Ilé ni mo máa ń wà, fíìmù ni mo fi ń lo ọjọ́. Ọmọ yìí mọ ibì kan lórí ayélujára tí wọ́n kó fíìmù jíjí sí, ọ̀fẹ́ ni. Èyí tí wọn ò tíì máa tà ní Àkúrẹ́, èmi ti wò ó parí. Aládùúgbò mi, ìyá kan ará Ògbómọ̀ṣọ́, máa ń wá bá mi wò ó.

"Ìyá olè," á ní, "kí lẹ tún jí lónìí?"

"Ẹni tó jí i àti ẹni tó jókòó wò ó, ta ni olè jù?"

A ó rẹ́rìn-ín, á sì fa àga rẹ̀ sún mọ́ mi.

Lọ́sàn-án ọjọ́ kan, ọmọ wà níléèwé, fíìmù dúró láàárín. Mo fẹ́ mọ̀ bóyá ìyàwó inú fíìmù náà máa padà sílé ọkọ. Nǹkan aláwọ̀ ewé kan yọ, ó ń ṣẹ́jú. Mo tẹ̀ ẹ́. Òmíràn yọ, aláwọ̀ ewé náà ni. Mo tún tẹ̀ ẹ́. Mo wá pupa títí, mi ò rí i. Ni àwọn obìnrin tí ò wọṣọ bá ń jó lójú fóònù.

Aládùúgbò mi fi ìborùn bojú. "Hẹ̀! Ṣé èyí náà wà nínú eré?"

Fóònù gbóná, ó kú.

Nígbà tí ọmọ dé láti iléèwé, ó fà mí lọ́wọ́ wọ ọkọ̀, a gbé e lọ bá ẹni tó ń tún fóònù ṣe ní Alágbàká, ní Àkúrẹ́. Ó ní fáírọ́ọ̀sì ti wọ̀ ọ́. "Màmá, àfi kí n nu gbogbo ohun tó wà nínú rẹ̀."

"Ohùn ẹ̀gbọ́n mi ńkọ́?"

"Gbogbo rẹ̀ ni, Màmá."

A fi fóònù ọkùnrin náà pe àwọn ọmọ ẹ̀gbọ́n mi l'Óǹdó. Wọ́n ní fóònù tirẹ̀ ti sọnù láti ọjọ́ ìsìnkú. Ọmọ bẹ̀rẹ̀ sí í sunkún. Mo ní kí ọkùnrin náà nù ún.

Láàárọ̀ yìí ni mo kọ́ ọmọ ní oríkì mi. Ó pè é bí ẹni ń kàwé, ohùn Àkúrẹ́ ló fi pè é. Mo ní kó tún un pè. Ó tún un pè.

Mo jẹ́ ìpè náà.