Orin Ẹkún Tó Sé Mi Mọ́lé

Orin ẹkún kan tí mo kọ sínú fíìmù ní Ìlaròó ló sé mi mọ́lé títí dòní. Ewúrẹ́ mi gbọ́ ọ, ó pa èèpo iṣu tì, omi ń bọ́ lójú rẹ̀. Láti ìgbà náà, bí ẹnìkan ò bá kú nínú eré, àwọn onífíìmù kì í pè mí. Mo fún wọn lórin ijó rí. Wọ́n fà á gùn, wọ́n fi gbé pósí.

Nígbà tí ọmọbìnrin mi bímọ, mo ní orin ayọ̀ ni n ó kọ níbi ìkómọ. Mo ṣẹ̀ṣẹ̀ la ẹnu ni, ìyá ọkọ rẹ̀ bú sẹ́kún. Ọmọ mi sáré bò mí lẹ́nu: "Bàbá, ẹ jọ̀ọ́, ọmọ la bí, a ò sìnkú o!"

Àtẹ́wọ́ lásán ni mo fi kí ọmọ-ọmọ mi káàbọ̀ sáyé.