Kùrukùru Tí Ó Wá Sùn Ládùúgbò Wa

Kùrukùru náà dé ẹnu ọ̀nà ahéré, ó sì dúró. Ìyá Ọlọ́ṣẹ ń ro ọṣẹ lọ́wọ́ nínú ìkòkò irin ńlá, òógùn ń kán ní àgbọ̀n rẹ̀, òórùn àdín àti eérú gba gbogbo ibẹ̀ kan. Mo jókòó sórí àpótí lẹ́gbẹ̀ẹ́ ajẹrẹ tí omi eérú ń kán lábẹ́ rẹ̀, tó, tó, tó. Ohun funfun náà na ara wọlé díẹ̀, ó kan ooru iná, ó sì fà sẹ́yìn bí ọmọ tí ó fọwọ́ kan ọbẹ̀ gbígbóná. Ìyá Ọlọ́ṣẹ kò tilẹ̀ gbójú sókè. Ó kàn rẹ ohùn rẹ̀ sílẹ̀.

"Ẹ káàárọ̀ o. Iná ni. Ẹ rọra."

Aládùúgbò wa ni ìyá náà ní Oǹdó, ògiri kan ló la ilé wa láàárín. N kò mọ orúkọ tí wọ́n sọ ọ́. Ọṣẹ dúdú tí ó ń fi eérú èèpo kòkó sè ni gbogbo ènìyàn fi mọ̀ ọ́n. Bàbá mi ń ṣiṣẹ́ ìjọba ní Alágbàká, l'Ákùúrẹ́, òpin ọ̀sẹ̀ nìkan ló ń wálé. Màmá mi ń ránṣọ. Bí ẹ̀rọ ìránṣọ bá ti ń dún nínú ilé, èmi a ti fò lọ sí ahéré ìyá àgbà yìí.

Ọdún náà le. Òjò kọ̀, kò rọ̀. Ọyẹ́ gbẹ gbogbo ewé, iná sì ràn nínú igbó, ó jó oko kòkó láti ìdí òkè dé etí ìlú. A ń rí èéfín rẹ̀ lọ́sàn-án, eérú dúdú ń já bọ́ sórí aṣọ tí a sá. Gàrí wọ́n. Ọṣẹ òyìnbó kò sí lọ́jà mọ́, ìdí nìyẹn tí àwọn ènìyàn fi ń tò sẹ́nu ọ̀nà Ìyá Ọlọ́ṣẹ.

Ó ti pẹ́ tí kùrukùru ti máa ń ti inú igbó kòkó wọ ìlú wa láàárọ̀. Kò sí ẹni tí kò mọ̀ pé kì í ṣe afẹ́fẹ́ lásán. Ó máa ń yà fún aboyún lójú ọ̀nà. Bí wọ́n bá bí ọmọ tuntun, ó máa ń yí ilé náà ká títí oòrùn yóò fi yọ. Síbẹ̀, ẹnikẹ́ni kò lè sọ pé ó ní ọgbọ́n. Bàbá mi a máa ní ó dà bí ẹni tí oorun ń kùn: o pè é, ó dáhùn, ṣùgbọ́n kò mọ ohun tí o bi í.

Lẹ́yìn tí oko jóná, kùrukùru náà wá, kò sì lọ mọ́. Oòrùn yọ, ó jókòó. Ọjọ́ rọ̀, ó jókòó. Mọ́tò ń tan iná rìn lọ́sàn-án gangan. Èèpo kòkó tí Ìyá Ọlọ́ṣẹ sá bu funfun, kò ṣeé jó. Àwọn ọmọdé ń wúkọ́. Ni àwọn ọ̀dọ́kùnrin àdúgbò bá ní àwọn yóò kó táyà jọ sí oríta, àwọn yóò dáná sun ún, kí èéfín lè lé e.

Ìyá náà jáde sí wọn. "Iná ló lé e kúrò nílé. Ṣé iná náà lẹ tún fẹ́ fi lé e? Níbo ni kí ó gbà lọ?"

Ọ̀kan nínú wọn dá a lóhùn jẹ́jẹ́. "Ìyá, àwa náà ńkọ́? Àwọn ọmọ wa ò lè mí."

Ìyá náà mi orí. Ó padà wọlé.

Ní ọ̀sán ọjọ́ kan, Màmá mi fi òwú sí abẹ́rẹ́, ó bojú wẹ̀yìn, kò rí àbúrò mi. Kò tíì pẹ́ tí ọmọ náà mọ ìrìn. Ilẹ̀kùn ṣí sílẹ̀, ìta sì funfun báláú. Màmá mi figbe ta. Àdúgbò tú jáde, wọ́n ń pe orúkọ ọmọ, wọ́n ń lu bàsíà. Bí ariwo ṣe ń pọ̀ sí i ni kùrukùru ń ki sí i, títí tí n kò fi rí ju ẹni tó dúró tì mí lọ. Ẹnì kan wí pé, "Kànga o," gbogbo wa sì rántí kànga ẹ̀yìnkùlé tí wọ́n gbẹ́ jìn sí i nítorí ọ̀dá, tí kò ní ìdérí. Mo gbọ́ tí àwọn ọ̀dọ́kùnrin náà ń yí táyà bọ̀, mo gbóòórùn kẹrosíìnì.

Ìyá Ọlọ́ṣẹ dé pẹ̀lú eérú lọ́wọ́ títí dé ìgbọ̀nwọ́. Ó di Màmá mi mú léjìká.

"Ìyá ọmọ, ariwo yìí ń dẹ́rù ba kùrukùru náà. Ó ń ká ara rẹ̀ jọ ni. Bí a bá dákẹ́, bóyá..."

"Bóyá kí ni, Mà?"

"N kò mọ̀."

Màmá mi ki etí ìró bọ ẹnu, ó sì gé e jẹ. Àwọn yòókù gbọ́ pé igbe rẹ̀ dá, àwọn náà dákẹ́ lọ́kọ̀ọ̀kan. Ìyá náà jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀, ó ṣí gèlè lórí, ó sì ń bá kùrukùru náà sọ̀rọ̀ ní èdè Oǹdó pọ́ńbélé, bí ìgbà tí a bá lọ kí ẹni tí ọ̀fọ̀ ṣẹ̀.

"Ẹ kú ìrọ́jú. A rí èéfín ilé yín, a ò wá kí yín. Ẹ má bínú. Ọmọ kékeré kan wà lọ́dọ̀ yín. Kò mọ nǹkan kan. Ẹ jọ̀wọ́."

 Mo wà nítòsí rẹ̀ tó bẹ́ẹ̀ tí mo fi rí i tí ó fi ọwọ́ méjèèjì di gèlè náà mọ́ àyà. 

Kùrukùru náà mí. N kò ní ọ̀rọ̀ mìíràn fún un. Ó wú, ó sọ̀ kalẹ̀, ó sì là. Ọ̀nà tóóró kan ṣí níwájú wa, kò fẹ̀ ju ara ènìyàn kan lọ, ògiri funfun lọ́tùn-ún lósì, oòrùn sì ń rọ̀ wálẹ̀ sínú rẹ̀. Màmá mi ṣíwájú. Mo di aṣọ ìyá àgbà mú lẹ́yìn. 

Etí kànga ni àbúrò mi jókòó sí. Kùrukùru ti ṣù sẹ́nu kànga náà, ó nípọn bí òwú tí a kó jọ, ọmọ náà sì fẹ̀yìn tì í bí ẹni fẹ̀yìn ti àyà ìyá rẹ̀, ó ń fi ẹsẹ̀ ṣeré. Màmá mi gbé e. Nígbà náà ni òwú funfun yẹn rọra wọlẹ̀, òkúta kékeré kan yẹ̀ létí kànga, ó já sínú. Ó pẹ́ kí a tó gbọ́ ìró rẹ̀ nísàlẹ̀. Màmá mi kúnlẹ̀ tọmọtọmọ.

Àwọn ọ̀dọ́kùnrin yí táyà wọn padà. Wọ́n fi pákó bo kànga. Kùrukùru náà kò lọ, ikọ́ náà kò sì tán, ṣùgbọ́n àwa aráàdúgbò ń kí i bí a bá ń kọjá. Ọṣẹ kò ṣeé sè mọ́ ní gbogbo àsìkò yẹn, nítorí náà inú ìkòkò wa ni Ìyá Ọlọ́ṣẹ ti ń bá wa jẹun. Nígbà tí òjò àkọ́rọ̀ rọ̀, tí ewé bẹ̀rẹ̀ sí í rú lórí ilẹ̀ tó jóná, a jí láàárọ̀ ọjọ́ kan, ojú ọ̀run mọ́ kedere.

Ìyá náà ti kú tipẹ́. Ọ̀bà-Ilé, lẹ́bàá Àkúrẹ́, ni mò ń gbé báyìí, mo sì ti dàgbà ju bí Màmá mi ti rí lọ́jọ́ náà. Àwọn ènìyàn a máa bi mí bóyá mo gbà pé kùrukùru náà gbọ́ wa. Mo máa ń sọ ti Ìyá Ọlọ́ṣẹ fún wọn. Ohun tí ó kù sí mi lọ́kàn ni obìnrin àgbà kan tí ẹ̀rù ń bà, tí kò dá a lójú pé ẹnikẹ́ni ń gbọ́ òun, tí ó sì tún kí kùrukùru náà kú ìrọ́jú.