Agbàwá, Àpáta Tí A Ń Sá Gbòdò Sí

Bí takisí tí a wọ̀ láti Ararọ̀mí ṣe dẹwọ́ eré nígbà tí a dé ìlú wa lọ́sẹ̀ tó kọjá, òórùn gbòdò gba ojú fèrèsé wọlé. Àwọn obìnrin ti to iṣu tí wọ́n bọ̀ lómi gbígbóná sí etí títì ọlọ́dà, kí oòrùn lè gbẹ ẹ́ kó tó di èlùbọ́. Òórùn náà kan díẹ̀, ó sì dùn díẹ̀. Ọmọ ọmọ mi obìnrin tó jókòó tì mí fọwọ́ dímú. Èmi fà á símú títí, mo sì ní kí awakọ̀ sọ̀ wá kalẹ̀ síbẹ̀.

Nígbà tí mo wà lọ́mọdé, kò sẹ́ni tó ń sá gbòdò sí títì, nítorí ẹrẹ̀ ni a ní, a kò ní títì. Orí Agbàwá ni gbogbo ìyá ìlú ń sá a sí. Àpáta ńlá ni, ó tẹ́ lórí, ó dúdú níbi tí omi òjò ń gbà ṣàn, ìlà funfun kan sì là á já láti orí dé ìdí. Àwọn baba wa ló sọ ọ́ ní Agbàwá, torí orí rẹ̀ ni wọ́n sá gùn nígbà tí àwọn ẹlẹ́ṣin Tápà ń kó ènìyàn. Ẹsẹ̀ ẹṣin ń yọ̀ níbẹ̀. Àwọn obìnrin tó bá wọn sá ń lọ àgbàdo lórí àpáta gan-an, títí ó fi jin kòtò-kòtò. Ojú ọlọ la ń pe àwọn kòtò náà. Ìdílé kọ̀ọ̀kan mọ tirẹ̀, ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ ni wọ́n sì ń sá iṣu sí. Ìyá mi fi tiwa hàn mí kí n tó mọ̀wé kà, ó ní èmi náà yóò fi han ọmọ tèmi.

Wọn kì í kàn gun Agbàwá ṣá. Obìnrin á kọ́kọ́ bọ́ bàtà nísàlẹ̀, ìbáà jẹ́ ìyàwó àlùfáà, á wá fi àtẹ́lẹwọ́ kan àpáta wò bóyá ó ti gbóná tó.

Lẹ́ẹ̀rùn, àpáta náà a máa bó bí àlùbọ́sà. Ìyá mi ní aṣọ ló ń pààrọ̀. Tíṣà wa ní irọ́ ni, iná inú ilẹ̀ ló yọ́ òkúta náà, ó wá tutù díẹ̀díẹ̀ kó tó le; oòrùn ọ̀sán àti òtútù òru ló ń mú un bó. Mo sáré lọ sọ fún ìyá mi. Ó ń yí iṣu padà, kò tilẹ̀ gbójú sókè.

"Uná ló sè é? Abájọ tí usu fi ń yá gbẹ lórí ẹ̀."

Èmi náà di tíṣà, mo kọ́ àwọn ọmọ ní ohun tí tíṣà mi sọ. Ohun tí ìyá mi sọ, n kò kọ́ ẹnikẹ́ni.

Nígbà tí wọ́n fẹ́ ṣe títì, àwọn tó gbaṣẹ́ ní kò sí òkúta tó sún mọ́ tòsí ju Agbàwá lọ. A pàtẹ́wọ́ nípàdé ìlú. Ọ̀nà ti fojú wa rí màbo, aláboyún ti bímọ sínú ẹrẹ̀ rí. Èmi ni wọ́n ní kí n gbàdúrà ìparí, mo sì dúpẹ́ lọ́wọ́ Ọlọ́run tó fi òkúta jíǹkí wa. Kò sẹ́ni tó bi wọ́n bóyá a lè dá orí àpáta sí. Èmi tí wọ́n fi ojú ọlọ hàn kò bi wọ́n. Ìtìjú rẹ̀ kò tíì kúrò lára mi.

Bí a ti sọ̀ kalẹ̀ nínú takisí lọ́sẹ̀ tó kọjá, ọmọ ọmọ mi bi mí: "Màmá àgbà, ojú ọlọ tí ẹ máa ń sọ dà?"

Mo nawọ́ sí ihò ńlá kan lẹ́yìn ilé, tí omi ti dúró sí.

"Òkúta ẹ̀ ńkọ́?"

Mo nawọ́ sí títì.

Ọmọ náà wo títì, ó sì wò mí. Lẹ́gbẹ̀ẹ́ wa, ọ̀dọ́bìnrin kan bẹ̀rẹ̀, ó fi àtẹ́lẹwọ́ kan ọ̀dà, kó tó da iṣu rẹ̀ sílẹ̀. Mo wá rí i pé ìdílé kọ̀ọ̀kan ṣì ní ààyè tirẹ̀ létí títì, wọ́n fi òkúta wẹ́wẹ́ pààlà bí a ti ń ṣe lókè. Bí ìdílé ṣe tẹ̀lé ara wọn lórí àpáta náà ni wọ́n ṣe tò síbẹ̀. Ààyè tiwa nìkan ló ṣófo.

N kò mọ ìgbà tí mo bọ́ bàtà. Ọlọ́kadà kan dúró.

"Ẹ kú ọ̀sán, Mà. Ṣé bàtà yín já ni?"

Ojú tì mí. Mo ní bẹ́ẹ̀ ni, ó já.