Òdòdó Tó Ń Sùn Lójú Mi

Ọyẹ́ Kàdúná kì í bèèrè bóyá o ti wọ súwẹ́tà. Bí mo bá ti ṣí ilẹ̀kùn yàrá wa ní Kabala Costain láàárọ̀ báyìí, á gbá mi lójú, ètè mi á gbẹ, síbẹ̀ mi ò ní í dúró wá bàtà, ìdí òdòdó mi ni màá kọ́kọ́ sáré lọ. Ó sì máa ń sùn! Ojoojúmọ́ ló ń dijú sùn!

Ẹ jẹ́ n fara balẹ̀ sọ ọ́, torí inú mi ti ń dùn jù. Hajiya onílé wa, Hausa tó gbọ́ Yorùbá ju àwa ọmọ Yorùbá inú ilé náà lọ, ló mú ẹ̀ka òdòdó méjì bọ̀ láti ilé ẹ̀gbọ́n ẹ̀. Déésì ni wọ́n ń pè é, ó máa ń fà lórí ilẹ̀ bí ewé ọ̀dùnkún. Ó fún mi ní elésè àlùkò, ó fún ọmọ télọ̀ tó ń gbé yàrá kejì ní funfun. Ilẹ̀ kékeré kan wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ géètì, ibẹ̀ la gbìn ín sí, èmi lápá ọ̀tún, òun lápá òsì. Hajiya ní, "To, tó bá di Iléyá màá wò ó. Ẹni tí tiẹ̀ bá dára jù ló ni gbogbo ibẹ̀, ẹnì kejì á hú tiẹ̀ kúrò."

Ṣé ẹ mọ ohun tíyẹn jẹ́ fún mi? Gbogbo aṣọ mi ló ti jẹ́ ti ẹ̀gbọ́n mi rí. Ẹní tí mò ń sùn lé, àwa mẹ́ta la ni ín. Ilẹ̀ ẹ̀gbẹ́ géètì yẹn nìkan ló fẹ́ di tèmi láyé yìí.

Mo ń já orí ẹ̀ka ẹ̀ kó lè pẹ̀ka, mo ń bomi rin ín títí mọ́mì mi fi pariwo pé, "Ṣé ìrẹsì àkúrò lo gbìn ni? Omi lo máa fi pa á!" Ó sì rúdí lóòótọ́. Àmọ́ kí oòrùn tó yọ ni mò ń lọ síléèwé, bí a bá sì ti jáde, ó di ṣọ́ọ̀bù mọ́mì mi, a kì í délé kí wọ́n tó pe ìrun Màgríbì. Sátidé, ṣọ́ọ̀bù. Sọ́ńdè, ṣọ́ọ̀ṣì, pásítọ̀ wa kì í sì í rántí pé oòrùn ń wọ̀. Ọmọ télọ̀ ní tiẹ̀, ọ̀sán ni wọ́n ń wọlé níléèwé tiwọn, torí náà gbogbo àárọ̀ ló fi ń jókòó sórí bẹ́ǹṣì ìdí géètì bí ayaba. Gbogbo ẹni tó bá wọlé á ní, "Kai! Òdòdó ọmọ télọ̀ mà rẹwà o!" Tiẹ̀ náà máa ń dijú nírọ̀lẹ́, ṣùgbọ́n ṣé ojú owú ń rí ìyẹn? Mo ní tiẹ̀ ti ṣeré tán ló ń sinmi.

Bí mo bá wá wọlé, ọmọ télọ̀ á ní, "Tìẹ náà lajú lónìí o!"

"Má fi mí ṣẹ̀sín, jọ̀ọ́!"

Àwọn àgbà ní "Òrìṣà, jẹ́ n pé méjì obìnrin" kò dénú. Ti òdòdó gan-an kò dénú. Ó dé ibi tí mi ò lè jẹ oúnjẹ kìnkìirin tí ìyá ẹ̀ bá gbé fún wa mọ́.

Àárọ̀ Iléyá dé, kò sí iléèwé, kò sí ṣọ́ọ̀bù. Mo bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀ kí n tètè hú tèmi kí Hajiya tó dójú tì mí lójú gbogbo ilé. Bí ọmọ télọ̀ ṣe ti yídì dé nìyẹn, tòun ti lálì lọ́wọ́.

"Haba! Kí lo fẹ́ ṣe?"

"Mo fẹ́ hú u kí ẹ tó fi mí rẹ́rìn-ín."

"Orí ẹ ò pé. Wá jókòó. Jẹ́ kí oòrùn débí ná." Ó sún fún mi lórí bẹ́ǹṣì.

Mo jókòó, mo fajú ro. Oòrùn gun orí fẹ́ǹsì, ó sọ̀ kalẹ̀, ó kan ewé, ló bá di pé ọ̀kan lajú, èkejì lajú, gbogbo ẹ̀ lajú, àlùkò rẹrẹ, ẹyinjú dúdú láàárín! Mo ké tó bẹ́ẹ̀ tí Hajiya fi sáré jáde tòun ti ọ̀bẹ, ó rò pé àgbò ti já.

Ọmọ télọ̀ ò rẹ́rìn-ín. Ó ní, "Àràárọ̀ ni mò ń wò ó. Tìẹ pọ̀ ju tèmi lọ. Wallahi, ó ti ṣe mí bíi kí n tẹ̀ ẹ́ pa."

Èmi! Èmi ni ẹnì kan ń jowú! Kí n má parọ́, ìyẹn dùn mọ́ mi ju òdòdó lọ.

Hajiya wo ilẹ̀, ó wò wá, ó ní wọn ò tíì dú àgbò òun, òun ò ráyè ẹjọ́ òdòdó. Kò sẹ́ni tó hú nǹkan kan.

Lónìí, méjèèjì ló ń fà lẹ́sẹ̀ fẹ́ǹsì ilé ọkọ mi ní Kabala Doki, ọmọ télọ̀ ló fún mi ní funfun ẹ̀. Èmi náà ti ní ṣọ́ọ̀bù. Wọ́n ń sùn nígbà tí mo bá jáde, wọ́n ti sùn nígbà tí mo bá dé. Ìyá ọkọ mi ló máa ń pè mí lórí fóònù lọ́sàn-án pé, "Ìyàwó mi, wọ́n mà ti lajú o!" Owú àtijọ́ yẹn á sì tún sọjí.

Lánàá, mi ò lè mú un mọ́ra. Mo ti ṣọ́ọ̀bù pa lọ́sàn-án gangan, mo wọ kẹ̀kẹ́. Ìyá ọkọ mi bá mi lẹ́nu géètì tí mò ń mí hẹlẹ. Wọ́n sún fún mi lórí bẹ́ǹṣì ìdí òdòdó.