Àjẹ̀ Bàbá Zinsu

Ẹni tí kò bá tíì dé Ìwórò rí lè rò pé ariwo nìkan ni òkun mọ̀. Bẹ́ẹ̀ ni èmi náà rò, kí n tó bá Bàbá Zinsu wọ ọkọ̀.

Ogójì ọdún ni Bàbá ti fi ń gbọ́ ẹja fún àwọn apẹja ibẹ̀. Wọ́n á wa ọkọ̀ kọjá ibi tí ìgbì ti ń fọ́, wọ́n á pa ẹ́ńjìnnì. Bàbá á ti ibi pẹlẹbẹ àjẹ̀ tó fi ń tukọ̀ bọ omi, á gbé etí lé orí igi rẹ̀. Bó bá gbọ́ ẹja apò tó ń kùn nísàlẹ̀, á ní kí wọ́n da àwọ̀n.

Àmọ́ lọ́dún yìí, etí Bàbá di. Dosi, ọmọ rẹ̀ obìnrin, á pè é títí ohùn á fi há. Ẹ̀ẹ̀mẹta léraléra ni àwọ̀n gòkè lófìfo. Láàárọ̀ ọjọ́ tí mo bá wọn lọ, Jàmíù, ọ̀gá ọkọ̀, kígbe sí i létí:

"Bàbá, ẹ má bínú o. Bí ẹ ò bá gbọ́ nǹkan kan lónìí, ẹ máa sinmi nílé."

Bàbá gbé àjẹ̀ rẹ̀ wọ ọkọ̀. Inú bí mi sí Jàmíù, bẹ́ẹ̀ òótọ́ ló sọ.

A dé ojú òkun. Omi lọ salalu, mi ò rí òpin rẹ̀, orí mi wú. Bàbá gbé etí ọ̀tún lé àjẹ̀, ó mi orí. Ó gbé tòsì lé e, bákan náà. Jàmíù na ọwọ́ sí ẹ́ńjìnnì láti tan án padà.

Ni Bàbá bá la ẹnu, ó fi ìwọ̀nba eyín tó ṣẹ́ kù sí i lẹ́nu di orí igi àjẹ̀ mú, ó di ojú. Àbí ebi àárọ̀ ló ń pa á ni? Ó pẹ́ díẹ̀, èjìká rẹ̀ bẹ̀rẹ̀ sí í gbọ̀n.

"Wọ́n wà ńbí," ló wí, omijé ń dà lójú rẹ̀. "Wọ́n pọ̀. Ẹ da àwọ̀n!"

Ó na orí igi àjẹ̀ sí mi, ibi pẹlẹbẹ rẹ̀ ṣì wà nínú omi, mo fi eyín mú un. Ẹ gbà mí! Igi náà ń kùn wọnú egungun orí mi, kù-kù-kù, bí ilé tí èrò kún inú rẹ̀ tí wọ́n ti ilẹ̀kùn. Ẹ̀rù bà mí, inú mi sì dùn. Ṣé gbogbo èyí ló ti wà lábẹ́ wa látọjọ́ yìí?

Apá ro wá kí a tó fa àwọ̀n gòkè, ẹja kún inú rẹ̀. Jàmíù gba àjẹ̀ lọ́wọ́ mi. Ó fi ẹ̀wù rẹ̀ nu àjẹ̀, ó fi ọwọ́ méjèèjì dá a padà fún Bàbá.

Dosi ti ń dúró létí òkun. "Otọ́ ṣie!" ló ń ké, ìyẹn "baba mi" lédè Ègùn. Bàbá rí ẹnu rẹ̀ tó ń lọ, kò gbọ́ nǹkan kan. Ó wò ó títí. Ó wá deyín mọ́ orí igi àjẹ̀, ó na ibi pẹlẹbẹ rẹ̀ sí ọmọ rẹ̀ lẹ́nu.

Dosi fi ètè kàn án, ó pè é jẹ́jẹ́.

Bàbá dá a lóhùn.