Ọlọ́pàá Tó Ń Ṣọ́ Sàréè Ìyá Mi

Iwájú ilé wa ní Alápẹ̀rẹ̀ la sin ìyá mi sí, lẹ́gbẹ̀ẹ́ fẹ́ńsì. Ibẹ̀ ni wọ́n fi ẹnu ara wọn sọ pé àwọn fẹ́. Ará Ògbómọ̀ṣọ́ ni wá, a kì í gbé òkú àgbà lọ sí itẹ́ ìgboro bí ẹni tí kò nílé. A fi táìsì funfun bo sàréè náà. Orí rẹ̀ ni mo máa ń jókòó sí ránṣọ lọ́wọ́ ìrọ̀lẹ́, bí ẹnikẹ́ni bá sì ṣẹ̀ mí, ibẹ̀ ni mo ti ń ro ẹjọ́ rẹ̀.

Àfi bí aládùúgbò wa ṣe kó búlọ́ọ̀kù dé. Àwọn ọmọ onílẹ̀ ti tún ta ẹ̀gbẹ́ ilẹ̀ wa fún un, ó ní orí sàréè náà ni fẹ́ńsì tuntun òun máa gbà. Ọkùnrin tí ìyá mi máa ń bu ọbẹ̀ fún nígbà tí ìyàwó rẹ̀ bímọ. Ó ní kí n hú wọn lọ síbòmíràn, òun á tiẹ̀ bá mi wá ẹni tó máa gbẹ́ ilẹ̀. Mo bú u, mo bú ìran rẹ̀ mọ́ ọn. Lọ́jọ́ kejì, àwọn géńdé kan wá fi ọ̀dà pupa fa ìlà sórí táìsì náà, láti ibi orí dé ibi ẹsẹ̀.

Mo sáré lọ sí àgọ́ ọlọ́pàá. Wọ́n ní kóòtù ló ń rí sí ọ̀rọ̀ ilẹ̀, pé bí wọ́n bá bẹ̀rẹ̀ sí í gbẹ́ ẹ, kí n pe àwọn. Mo bi wọ́n pé tí wọ́n bá ti hú ìyá mi tán, kí ló kù tí wọ́n fẹ́ wá ṣọ́. Wọ́n ní kí n má bínú.

Mo wá lọ́yà. Mo ní kó bá mi bẹ kóòtù kí wọ́n pàṣẹ fún ọlọ́pàá láti máa ṣọ́ ibẹ̀ títí ẹjọ́ á fi parí. Àwọn àgbà ìjọ wa ní a kì í ti kóòtù bọ̀ ká ṣọ̀rẹ́. Ta ló ń wá ọ̀rẹ́? Ẹ̀rù ló ń bà mí. Mo ti ṣọ́ọ̀bù ìránṣọ mi, mo ń jókòó lórí sàréè látàárọ̀ ṣúlẹ̀. Bí mo bá gbọ́ ìró ṣọ́bìrì níbikíbi, àyà mi á já. Kódà bí ìtọ̀ bá gbọ̀n mí, eré ni mo ń sá lọ, eré ni mo ń sá bọ̀.

Nígbà tí lọ́yà pè pé adájọ́ ti fọwọ́ sí i, mo sunkún ayọ̀. Mo sọ fún ìyá mi pé ọlọ́pàá ń bọ̀ wá ṣọ́ wọn.

Ọlọ́pàá kan dé pẹ̀lú òṣìṣẹ́ kóòtù. Òṣìṣẹ́ náà ka àṣẹ, ó lọ. Ọlọ́pàá náà so okùn yí ilẹ̀ tí à ń jà lé lórí ká, ó wá kọjú sí mi níbi tí mo jókòó sí.

"Mummy, ẹ jọ̀ọ́, ẹ dìde níbẹ̀. Kóòtù ní kí ẹnikẹ́ni má wọ ibí títí dìgbà ìdájọ́. Ẹ̀yin náà wà nínú ẹ̀."

"Ìyá mi nìyí."

"Mo mọ̀, Mummy. Ẹ dìde."

Mo pe lọ́yà. Ó ní tọ̀túntòsì ni irú àṣẹ bẹ́ẹ̀ máa ń dè, òun rò pé mo mọ̀. Ibo ni mo ti fẹ́ mọ̀ ọ́n? Ẹjọ́ sì rèé, wọ́n ti sún un dẹ̀yìn ìsinmi kóòtù.

Nígbà tó di ìrọ̀lẹ́, ó rẹ ọlọ́pàá náà. Ó jókòó sórí sàréè, ó bọ́ bàtà rẹ̀. Ó dùn mí dé egungun, ṣùgbọ́n kí ni mo fẹ́ sọ? Èmi ni mo ní kí wọ́n rán an wá.

Mo kúnlẹ̀ lẹ́yìn okùn, mo ní, "Ẹ kúrọ̀lẹ́ o, Màámi."

Ọlọ́pàá náà gbọ́. Ó sún díẹ̀ lórí táìsì náà, ṣùgbọ́n kò dìde.